Akọ Òfì, Abo Òfì: Èrò Nípa Ọkùnrin àti Obìnrin Nínú Ìṣẹ̀dá Ohun Èlò Ojoojúmọ́

Nígbà tí àwọn onímọ̀ bá ń jíròrò lórí ipò obìnrin láwùjọ Yorùbá, oyè, ogún, ìgbéyàwó àti òwe ni wọ́n sábà máa ń gbé yẹ̀wò. Iṣẹ́ tí wọ́n ti ṣe lórí òwe tó tàbùkù obìnrin nìkan kì í ṣe kékeré. Ohun tí wọn kì í fi bẹ́ẹ̀ kọbi ara sí ni àwọn ohun èlò tí ọwọ́ ń dì mú lójoojúmọ́: òfì, odó, kẹ̀kẹ́, ẹ̀rọ, aṣọ àti àpò ara aṣọ. Bẹ́ẹ̀ sì rèé, ẹni tó gbẹ́ odó, tàbí tó jó irin pọ̀ títí ó fi di ẹ̀rọ, ti ní ẹnì kan lọ́kàn kí ó tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Ó ti mọ̀, tàbí ó rò pé òun mọ̀, bí ẹni náà ṣe ga tó, irú aṣọ tí yóò wọ̀, ibi tí yóò jókòó sí, àti bóyá ọmọ yóò wà lẹ́yìn rẹ̀. Bí èrò náà bá tọ̀nà, ohun èlò yóò rọrùn lò débi pé kò ní sí ẹni tí yóò rántí pé ẹnì kan ló ronú kàn án. Bí kò bá tọ̀nà, ara ẹni tó ń lò ó ni yóò jìyà rẹ̀, wọn yóò sì tún máa sọ pé òun ni kò mọ̀ ọ́n lò.

Ìkìrun, Ìnísà àti Òkukù, tí gbogbo wọn wà lójú ọ̀nà tó lọ láti Òṣogbo sí Ọ̀fà, dára púpọ̀ láti fi ṣe àyẹ̀wò ọ̀rọ̀ yìí. Kì í ṣe nítorí pé wọ́n yàtọ̀ sí ìlú Yorùbá yòókù, bí kò ṣe nítorí pé ohun èlò àtijọ́ àti ti òde òní jọ ń gbé níbẹ̀ ni. Rélùwéè dé Òṣogbo ní 1907, kò sì pẹ́ tí ojú irin fi gba ilẹ̀ Ìkìrun àti Òkukù kọjá lọ sí Ìlọrin. Láti ìgbà náà ni ohun èlò tí wọ́n ṣe ní ilẹ̀ òkèèrè ti ń bọ́ sílẹ̀ fún àwọn ènìyàn tí ẹni tó ṣe é kò fojú rí rí. Odó kò sì kúrò nílé.

Èdè Yorùbá fúnra rẹ̀ ti pín ohun sí akọ àti abo tipẹ́. Òkúta tó le koko ni akọ òkúta. Ibà tó lágbára ni akọ ibà. Iṣẹ́ tó ni ni lára ni akọ iṣẹ́. Ohun tó fara sin sábẹ́ ọ̀rọ̀ náà kò ṣòro láti mọ̀: akọ ló ni agbára, abo ló ni ẹ̀rọ̀. Ṣùgbọ́n kí ẹnikẹ́ni má tíì dájọ́. Èdè yìí kan náà ló ní ìyá ìlù, ìlù tó ń darí àwọn yòókù. Ìyá ni wọ́n pè é, wọn kò pè é ní bàbá. Ó ní ìyá ọlọ tó dúró gbọin-in nílẹ̀ àti ọmọ ọlọ tí ọwọ́ ń tì síwá sẹ́yìn. Ó ní odó àti ọmọ odó. Ọ̀jọ̀gbọ́n Oyèrónkẹ́ Oyěwùmí, nínú ìwé rẹ̀ The Invention of Women tó jáde ní 1997, sọ pé kí òyìnbó tó dé, ẹni tó ṣáájú àti ẹni tó kẹ́yìn ni Yorùbá fi ń to ènìyàn, kì í ṣe akọ tàbí abo. Ó tọ́ka sí arọ́pò orúkọ ‘ó’ tí kò ya ọkùnrin sọ́tọ̀ kúrò lára obìnrin, ó sì tọ́ka sí ‘ẹ̀gbọ́n’ àti ‘àbúrò’. Bí ó bá jẹ́ ti gírámà, ẹjọ́ rẹ̀ dúró. Àwọn kan ti ta kò ó, àwọn náà kò ṣàìní ìdí. Àmọ́ ọ̀rọ̀ ẹnu ni tọ̀tún tòsì fi ń ṣe ẹ̀rí jù. Bí wọ́n bá yà sí ilé ahunṣọ, wọn yóò rí ẹ̀rí mìíràn tí igi ni wọ́n fi ṣe.

Oríṣi òfì méjì ni Yorùbá ní láti ayébáyé. Samuel Johnson, nínú ìwé ìtàn Yorùbá tó kọ parí ní 1897, tí wọ́n sì tẹ̀ jáde ní 1921, ti mẹ́nu bà á pé tọkùnrin tobìnrin ló ń hunṣọ ṣùgbọ́n pé ọ̀nà tí wọ́n ń gbà hun ún yàtọ̀. Òfì obìnrin dúró ní òòró. Òpó méjì ni wọ́n gbé dúró lẹ́bàá ògiri, nínú ilé tàbí ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, wọ́n sì fi igi méjì dábùú wọn, ọ̀kan lókè, ọ̀kan nísàlẹ̀. Òwú yí igi méjèèjì ká. Ahunṣọ yóò jókòó kọjú sí i, yóò máa hun láti ìsàlẹ̀ lọ sókè. Aṣọ tó ń jáde níbẹ̀ máa ń fẹ̀ tó ẹsẹ̀ bàtà kan àbọ̀ tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ. Kíjìpá ni èyí tí tolórí tẹlẹ́mù mọ̀ jù nínú rẹ̀, aṣọ tó nípọn tí kì í tètè gbó.

Òfì ọkùnrin ní tirẹ̀ wà ní ìbú. Ẹsẹ̀ ni ahunṣọ fi ń tẹ igi tó ń pín òwú sókè sódò, ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì ló sì fi ń ta òwú láti ọ̀tún sí òsì. Òwú nà gbọọrọ síwájú rẹ̀ bí okùn ìsáṣọ, ó lè gùn ju yàrá mélòó kan lọ, òkúta tàbí ẹrù mìíràn ni wọ́n sì máa ń gbé lé ìdí rẹ̀ lọ́hùn-ún kí ó má baà dẹ̀. Aṣọ ibẹ̀ kò fẹ̀ ju ínǹṣì mẹ́rin sí mẹ́fà lọ. Àmọ́ gígùn rẹ̀ kò lópin, wọn yóò máa gé e, wọn yóò sì máa rán an pọ̀. Ẹtù, sányán àti àlàárì, tí Yorùbá fi ń ṣe ọ̀ṣọ́ níbi ìyàwó, ìsìnkú àti oyè, ibẹ̀ ni wọ́n ti ń wá. Ẹni tó bá dé Ìsẹ́yìn yóò rí àwọn ọkùnrin ahunṣọ tí wọ́n jókòó tò lábẹ́ àtíbàbà, tí wọ́n ń ṣiṣẹ́, tí wọ́n sì ń tàkúrọ̀sọ.

Kí ló mú kí òfì méjèèjì yàtọ̀? Ìdáhùn tó máa ń yá lẹ́nu àwọn ènìyàn ni pé obìnrin kò lágbára tó ọkùnrin. Ìdáhùn yìí kò kájú ọ̀rọ̀ náà rárá. Láti lu òwú mọ́ra lórí òfì òòró gba agbára apá. Kíjìpá kò kàn nípọn lásán. Ẹni tó bá sì rò pé iṣẹ́ fẹ́ẹ́rẹ́ ni wọ́n ń yà sọ́tọ̀ fún obìnrin, kí ó gún iyán ènìyàn mẹ́wàá lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo kí ó tó tún sọ bẹ́ẹ̀. Odó ni ohun èlò tó wúwo jù nínú ilé, obìnrin ni wọ́n sì gbé e fún. Nítorí náà, agbára kọ́ ni wọ́n wò nígbà tí wọ́n ń ṣe òfì. Ibi tí wọ́n rò pé obìnrin yóò wà ni wọ́n wò. Wọ́n gbà pé yóò wà nílé, pé ọmọ yóò wà lẹ́yìn rẹ̀ tàbí kí ó máa rá káàkiri lẹ́sẹ̀ rẹ̀, pé ìkòkò yóò wà lórí iná, pé wọn yóò máa pè é dìde nídìí iṣẹ́ ṣáá. Òfì òòró bá irú ìgbé ayé bẹ́ẹ̀ mu. Ó ṣe é fi sílẹ̀ nígbàkigbà, kò gba ilẹ̀, òwú rẹ̀ kì í tú bí ọmọ bá ń ké. Òfì ọkùnrin ní tirẹ̀ gbà pé ẹni tó jókòó sí i kò ní í dìde títí oòrùn yóò fi yẹ̀ àtàrí, pé ilẹ̀ gbalasa wà níwájú rẹ̀, pé ẹlòmíràn ló ń dáná oúnjẹ tí yóò jẹ.

Ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ owó ti wọ̀ ọ́. Nítorí pé igi méjì tí òwú yí ká kò lè kúrò níbi tí wọ́n wà, aṣọ obìnrin kò lè gùn ju ohun tí òfì rẹ̀ bá gbà lọ. Ìró kan, ọ̀já ìpọnmọ kan, aṣọ ìbora kan: ohun tí ilé nílò nìyẹn. Aṣọ ọkùnrin ni wọ́n lè hun lọ títí, kí wọ́n ká a bí bẹ́líìtì, kí wọ́n gbé e lọ sọ́jà, kí wọ́n sì tà á bí oníbàárà bá ṣe fẹ́ ẹ. Ẹni tó ṣe òfì méjèèjì lè má ní in lọ́kàn láti fa obìnrin sẹ́yìn. Síbẹ̀, èrò rẹ̀ nípa ibi tí obìnrin ń gbé ti wọ inú igi, igi náà sì wá ń pinnu bí ọjà obìnrin yóò ṣe pọ̀ tó, kódà fún obìnrin tí kò bímọ àti fún arúgbó tí ọmọ rẹ̀ ti dàgbà.

Ó yẹ kí a sọ èyí tó ta ko ohun tí a ń sọ bọ̀ yìí, nítorí òtítọ́ ni. Ní Ìjẹ̀bú, àwọn obìnrin ló ń fi òfì òòró hun aṣọ olónà tí àwọn ìjòyè àti àwọn ọmọ Òṣùgbó ń lò, iṣẹ́ ọwọ́ wọn sì dé ọ̀dọ̀ àwọn ènìyàn etí odò ní ìhà Niger Delta, níbi tí wọ́n ti sọ ọ́ di ohun iyì. Òfì abo ló bí aṣọ àwọn àgbà ìlú. Èyí fi hàn pé ohun èlò kì í de ènìyàn mọ́lẹ̀ tán pátápátá. Ọlọ́gbọ́n á máa wá ọ̀nà gbà. Àmọ́ kò fi hàn pé okùn kò sí níbẹ̀.

Ohun tó ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn náà ló gbé ọ̀rọ̀ náà síta gbangba. Bí ọ̀rúndún ogún ti ń lọ, òwú àti aṣọ ilé-iṣẹ́ pọ̀ lọ́jà, àwọn ọmọbìnrin lọ sílé ẹ̀kọ́, òfì òòró sì bẹ̀rẹ̀ sí í tán nílé. Elisha Renne, tó kọ ìwé lórí aṣọ àwọn ará Bùnú ní 1995, ṣàlàyé bí iṣẹ́ ọwọ́ tí gbogbo obìnrin ń ṣe nígbà kan ṣe di ohun tí ìwọ̀nba àgbà ń ṣe. Nígbà tó wá di apá ìparí ọ̀rúndún náà, àwọn obìnrin ní ọ̀pọ̀ ìlú Yorùbá bẹ̀rẹ̀ sí í jókòó sí ìdí òfì tí wọ́n ń pè ní ti ọkùnrin. Ní Òṣogbo tí kò jìnnà sí Ìkìrun, Olóyè Nike Davies-Okundaye dá ibùdó iṣẹ́ ọnà sílẹ̀ ní 1983, níbi tí wọ́n ti ń kọ́ni ní aṣọ híhun àti aró láìsan owó. Ó sì tún fa àwọn obìnrin ahunṣọ jọ ní Ogidi, ìlú rẹ̀ ní Ìjùmú. Àwọn kan sọ pé èèwọ̀ ni, pé òfì ọkùnrin yóò ba inú obìnrin jẹ́. Obìnrin ń hun aṣọ òkè lórí rẹ̀, wọ́n sì ń bímọ. Wọn kò gé igi òfì náà kúrú, wọn kò sì dín òkúta rẹ̀ kù. Ohun tí wọ́n ní kò ṣe é ṣe fún ọgọ́rùn-ún ọdún mélòó kan di ṣíṣe láàárín ìran kan, láìsí àtúnṣe kan lára ohun èlò. Bí ó bá jẹ́ pé ara obìnrin ni ìdí tí wọ́n fi pín òfì sí méjì, báwo ni èyí yóò ṣe ṣẹlẹ̀?

Ibì kan wà tí èrò àti ìlò ti bára mu láìsí wàhálà, ó sì yẹ kí a dúró díẹ̀ níbẹ̀. Tòbí ni. Kí síkẹ́ẹ̀tì tó dé, abẹ́ ìró ni àwọn obìnrin Yorùbá máa ń san tòbí sí, okùn rẹ̀ a máa yi, ó sì máa ń ní àpò tí wọ́n ń kó owó sí. Ìyá ọjà tó bá ń ná ọjà láti Òkukù dé Òṣogbo kò nílò láti di owó mọ́wọ́, bẹ́ẹ̀ ni olè kò lè rí i. Fi èyí wé aṣọ obìnrin tí wọ́n ń rán ní ìlànà òyìnbó. Àpò ara ṣòkòtò ọkùnrin gba gbogbo ọwọ́. Ti obìnrin, bí ó bá tilẹ̀ ní, ìka mẹ́ta ló ń gbà. Ẹni tó gé aṣọ náà rò pé obìnrin yóò gbé báàgì dání, tàbí pé ẹlòmíràn ni yóò bá a mú owó lọ́wọ́. Ẹni tó rán tòbí mọ̀ pé obìnrin ń tajà. Ìyàtọ̀ náà kò ju pé ẹni tó ń lò ó ló sọ bí òun ṣe fẹ́ ẹ.

Nígbà tí ohun èlò bá ti òkèèrè wá, ọ̀nà àtisọ bí a ṣe fẹ́ ẹ a máa jìn. Kẹ̀kẹ́ Raleigh láti Nottingham ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì jẹ́ àpẹẹrẹ. Àwọn tó ń ṣe kẹ̀kẹ́ mọ̀ pé obìnrin tó wọ síkẹ́ẹ̀tì kò lè gbé ẹsẹ̀ kọjá lórí irin ìdábùú, nítorí náà wọ́n ṣe èyí tí irin rẹ̀ tẹ̀ wálẹ̀ fún un. Àmọ́ èyí tó pọ̀ jù ní ìgbèríko wa ni onírin ìdábùú. Ẹni tó ró ìró kò lè gùn ún bí kò ṣe pé kí ó kọ́kọ́ pààrọ̀ aṣọ. Bí obìnrin ṣe di ẹni tí wọ́n ń gbé sẹ́yìn kẹ̀kẹ́ nìyẹn, tí àwọn ènìyàn sì ń sọ pé obìnrin kì í gun kẹ̀kẹ́, bí ẹni pé ìwà ni.

Ọ̀kadà ló gba ipò kẹ̀kẹ́. Púpọ̀ nínú wọn jẹ́ Bajaj, tí wọ́n ṣe ní Íńdíà. Ní Íńdíà lọ́hùn-ún, òfin ọkọ̀ ti 1989 pa á láṣẹ pé gbogbo alùpùpù tó bá ń gbé èrò sẹ́yìn gbọ́dọ̀ ní ohun ìdìmú fún èrò náà, ibi tí yóò gbé ẹsẹ̀ lé, àti ohun ìdáàbòbò tí yóò bo ó kéré tán ìdajì táyà ẹ̀yìn kí aṣọ èrò má baà wọ inú rẹ̀. Sáárì ni wọ́n ń rò, aṣọ gígùn tí àwọn obìnrin wọn ń wọ̀. Ìró Yorùbá kò kúrú ju sáárì lọ, ọ̀já ìpọnmọ tún wà lókè rẹ̀, bí obìnrin bá sì jókòó ní ẹ̀gbẹ́ kan, ẹsẹ̀ rẹ̀ méjèèjì ló wà lápá táyà. Ẹni tó bá dúró ní ìdíkọ̀ Ìkìrun lọ́jọ́ ọjà yóò rí ọ̀kadà tí kò ní irin ààbò yẹn lára, ì báà jẹ́ pé wọn kò gbé e wá, ì báà sì jẹ́ pé ẹni tó rà á ló tú u dànù torí pé kò rí ìwúlò rẹ̀. Ọkùnrin ló ń gùn ún, ṣòkòtò ló wọ̀.

Ti mọ́tò tilẹ̀ tún burú ju èyí lọ, nítorí pé ẹ̀mí ló wà níbẹ̀. Láti mọ bí bẹ́líìtì yóò ṣe gba ènìyàn là, ère ni wọ́n ń gbé sínú ọkọ̀, tí wọn yóò sì fi ọkọ̀ náà kọlu ògiri. Ère tó gbajúmọ̀ jù nínú wọn, Hybrid III, tí ilé-iṣẹ́ General Motors gbé jáde ní 1976, jẹ́ àwòrán ọkùnrin tó ga ní nǹkan bí 175 sẹ̀ǹtímítà, tó sì wọn kílò 78. Wọ́n ní ère obìnrin pẹ̀lú, àmọ́ ti ọkùnrin tí wọ́n dín kù ni, ó rí bí ọmọ ọdún méjìlá. Ní 2011, àwọn olùwádìí Yunifásítì Virginia ní Amẹ́ríkà tú àkọsílẹ̀ ìjàǹbá ọkọ̀ ọdún mọ́kànlá wò, wọ́n sì rí i pé nínú ìjàǹbá tó bára dọ́gba, ewu kí awakọ̀ obìnrin tó de bẹ́líìtì farapa gidigidi fi ìdá 47 nínú ọgọ́rùn-ún ju ti ọkùnrin lọ. Ọdún 2022 ni àwọn onímọ̀ ní Swídìn, tí Astrid Linder jẹ́ aṣíwájú wọn, tó fi ère kan hàn tó ní ìdíwọ̀n obìnrin gan-an: 162 sẹ̀ǹtímítà, kílò 62. Ọdún mẹ́rìndínláàádọ́ta ló wà láàárín ère méjèèjì. Àwọn ọkọ̀ àlòkù tó ń ná ọ̀nà Òṣogbo sí Ìkìrun lónìí, inú àwọn ọdún wọ̀nyẹn ni wọ́n ti ṣe púpọ̀ nínú wọn.

Ṣùgbọ́n kò ní bójú mu kí gbogbo ẹ̀bi wà lọ́rùn ará òkèèrè. Ohun èlò kan wà tí wọ́n ń ṣe ní Ìkìrun, Ìnísà àti Òkukù fúnra wọn, tí àwọn wẹ́dà ìlú ń jó irin rẹ̀ lójú títì, tí wọ́n sì ń tà fún aládùúgbò wọn. Ẹ̀rọ gàrí ni.

Láyé àtijọ́, obìnrin ló ń ṣe gàrí láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Òun ló ń bó ẹ̀gẹ́, òun ló ń rin ín lórí páànù tí wọ́n fi ìṣó lu, tí eyín páànù náà sì ń họ ọ́ níka. Òun ló ń dì í sápò, tó ń to òkúta lé e kí omi rẹ̀ lè ro; òun ló ń sẹ́ ẹ, òun náà ló sì ń yan án. Nígbà tí ẹ̀rọ dé, kò kan gbogbo iṣẹ́ yìí lẹ́ẹ̀kan náà. Rírin ló kọ́kọ́ kàn, lẹ́yìn náà fífún, èyí tí wọ́n ń fi jáàkì ọkọ̀ ṣe. Iṣẹ́ méjèèjì yìí, ní kété tí irin wọ inú wọn, wọ́n di iṣẹ́ ọkùnrin. Ìwádìí kan tí wọ́n ń pè ní COSCA, tí ilé-iṣẹ́ IITA ní Ìbàdàn jẹ́ ibùdó rẹ̀ láti 1989, tó sì kan orílẹ̀-èdè mẹ́fà nílẹ̀ Áfíríkà, rí nǹkan kan náà: bí ẹ̀rọ bá ti ń pọ̀ sí i nínú iṣẹ́ ẹ̀gẹ́, ni ọkùnrin ń pọ̀ sí i nínú rẹ̀. Felix Nweke àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ kó àbájáde rẹ̀ jọ sínú ìwé ní 2002. Bíbó àti yíyan kò ní ẹ̀rọ, wọ́n sì ṣì jẹ́ ti obìnrin. Ìyẹn ni pé obìnrin ń sanwó fún ọkùnrin láàárín iṣẹ́ tirẹ̀, lẹ́yìn náà ó padà sídìí èéfín.

Àwọn kan yóò ní ẹ̀rọ ni kò rọrùn fún obìnrin. Òótọ́ ni, kò rọrùn fún un. Ìdí rẹ̀ ló yẹ kí wọ́n béèrè. Ẹnu ẹ̀rọ tí wọ́n ń da ẹ̀gẹ́ sí ga débi pé ẹni tí kò ga gbọ́dọ̀ gbé abọ́ kọjá orí rẹ̀. Ẹ́ńjìnnì dísù ayé àtijọ́ tó ń wa ẹ̀rọ náà, irin ni wọ́n fi ń yí i kí ó tó dìde. Ẹni tí apá rẹ̀ kò le kò ní yí i, bí ó bá sì ta padà, ó lè ṣẹ́ni lọ́wọ́. Bẹ́líìtì tó ń yí láàárín ẹ́ńjìnnì àti ẹ̀rọ kì í sábà ní ìbòrí, ẹni tó ró ìró kò sì gbọdọ̀ sún mọ́ ọn. Kò sí èyí nínú àwọn nǹkan wọ̀nyí tí Ọlọ́run dá mọ́ gbígba ẹ̀gẹ́ rin. Ẹnu ẹ̀rọ lè relẹ̀. Páànù pẹlẹbẹ kan tó láti bo bẹ́líìtì. Ẹ́ńjìnnì tí wọ́n ń fi okùn fà tàbí tí iná mànàmáná ń gbé dìde wà lọ́jà tipẹ́. Wẹ́dà kò ṣe wọ́n bẹ́ẹ̀ nítorí pé ọ̀dọ́mọkùnrin ló fojú inú rí nídìí ẹ̀rọ, ọ̀dọ́mọkùnrin náà ló sì wá bá a níbẹ̀.

Ìdí ààrò gàrí ni ìyà rẹ̀ pọ̀ sí jù. Aláyangàrí yóò jókòó sí ẹ̀gbẹ́ àgbada láti òwúrọ̀, yóò tẹ̀ síwájú, yóò máa fi ọwọ́ kan rò ó, èéfín yóò sì máa fẹ́ sí i lójú. Àwọn onímọ̀ ẹ̀rọ oko ní Yunifásítì Ìbàdàn ti ṣe ààrò tó ní ihò tí èéfín ń gbà jáde, tí ẹni tó ń yan gàrí sì lè jókòó sí ní ìrọ̀rùn, láti ohun tó lé ní ọgbọ̀n ọdún sẹ́yìn. Ọgbọ́n àtiṣe é kò sọnù. Ohun tí kò sí ni ẹni tí yóò ka ẹ̀yìn obìnrin tó ń dùn ún sí àbùkù ohun èlò. Wọ́n kà á sí ọjọ́ ogbó, wọ́n ní kí wọ́n bá a wá àgbo.

Ọ̀rọ̀ yìí kan ilé ẹ̀kọ́ olùkọ́ni gbọ̀ngbọ̀n. Nígbà tí ìlànà 6-3-3-4 bẹ̀rẹ̀ ní 1982, iṣẹ́ ọwọ́ àti ìmọ̀ ẹ̀rọ wọ iléèwé girama kékeré, gbogbo ọmọ ni wọ́n sì ní kí ó kọ́ ọ. Ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ olùkọ́ ló ṣì ń darí ọmọbìnrin sí ẹ̀kọ́ ìtọ́jú ilé, tí wọ́n ń darí ọmọkùnrin sí ìdí pákó àti irin. Ẹ̀ka ẹ̀kọ́ Yorùbá náà kò mọ́ nínú rẹ̀. Nínú ìwé àwọn ọmọdé, orí ‘Iṣẹ́ Abínibí’ máa ń pín iṣẹ́ sí ti ọkùnrin àti ti obìnrin bí ẹni pé láti ọ̀run ni wọ́n ti pín in wá, aṣọ híhun sì máa ń bọ́ sí apá kan ṣoṣo. Olùkọ́ tó bá kọ́ ọmọ pé ọkùnrin ló ń hunṣọ ti pa kíjìpá run, ó ti pa aṣọ olónà Ìjẹ̀bú run, ó sì ti purọ́ fún ọmọ náà nípa àwọn obìnrin tó jókòó sí òfì lónìí. Ọmọkùnrin tó gbọ́ ẹ̀kọ́ náà ló ń dàgbà di wẹ́dà.

Kì í ṣe owó ìjọba tàbí àpérò àgbáyé ni àtúnṣe tó kéré jù nínú èyí ń dúró dè. Kí akẹ́kọ̀ọ́ tó ń lọ ṣe ìdánrawò iṣẹ́ olùkọ́ní ní Ìkìrun mú kíláàsì rẹ̀ lọ sídìí ẹ̀rọ gàrí kan, kí ó ní kí àwọn ọmọ kọ orúkọ gbogbo ara ẹ̀rọ náà ní èdè Yorùbá, iṣẹ́ tó tó ṣe fún onímọ̀ èdè, kí wọ́n sì bi àwọn tó wá rin ẹ̀gẹ́ léèrè apá ibi tó ń dùn wọ́n jù. Kí wọ́n mú èsì náà lọ fún wẹ́dà. Tépù ìwọ̀n wà lápò rẹ̀. Obìnrin tó gbé abọ́ ẹ̀gẹ́ lórí ti ń dúró níwájú ìsọ̀ náà. Kí wọ́n sọ abọ́ náà kalẹ̀ fún un, kí wọ́n wọn ibi tí èjìká rẹ̀ dé, kí wẹ́dà tó gé irin.